One Week (1920) ti Buster Keaton: ìbéèrè àti ìdáhùn lórí ọkọ, ìyàwó àti ilé tó dojú rú

Fíìmù àwàdà yìí kò gùn tó ìdajì wákàtí, kò sì sí ẹni tí ohùn rẹ̀ jáde nínú rẹ̀, síbẹ̀ ìbéèrè lórí rẹ̀ kì í tán. Àwọn tó wọ́pọ̀ jù la dáhùn síhìn-ín. Ẹni tí kò bá fẹ́ mọ bó ṣe parí kó tó wò ó, kó fo ìbéèrè tó kan ọkọ̀ ojú irin, kó padà wá kà á tó bá yá.

Kí ló ṣẹlẹ̀ nínú rẹ̀ gan-an?

Ọjọ́ Ajé ni, káléńdà sì ń fi ọjọ́ kẹsàn-án oṣù hàn. Ọkọ àti ìyàwó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde ní ṣọ́ọ̀ṣì. Lẹ́tà kan tẹ̀ wọ́n lọ́wọ́ pé Uncle Mike fi ilẹ̀ kan àti ilé kan ta wọ́n lọ́rẹ. Ìgbà tí wọ́n dé orí ilẹ̀ náà, inú àpótí ni ilé wà: pákó tí wọ́n ti gé sílẹ̀, tí wọ́n fi nọ́ńbà sí lára àpótí kọ̀ọ̀kan, pẹ̀lú ìwé tó ń sọ èyí tí a ó kọ́kọ́ kàn àti èyí tí yóò tẹ̀ lé e. Handy Hank, ọkùnrin tó fẹ́ fẹ́ obìnrin náà tẹ́lẹ̀ tí obìnrin náà kọ̀ fún, ni ìlara ń pa. Ó yọ́ wá, ó sì fi ọ̀dà yí nọ́ńbà ara àwọn àpótí padà. Láti ibẹ̀ lọ, ewé káléńdà ń ya lọ́kọ̀ọ̀kan, ọjọ́ ń gorí ọjọ́, ilé náà sì ń burú sí i títí di ọjọ́ Àìkú, ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún.

Àwọn wo ló ṣe é?

Buster Keaton àti Edward F. Cline ni wọ́n jọ kọ ọ́, àwọn méjèèjì náà ni wọ́n jọ darí rẹ̀. Joseph M. Schenck ló gbé owó kalẹ̀, iléeṣẹ́ Metro ló sì gbé e lọ sí àwọn ilé sinimá ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1920. Ẹni tó wà nídìí kámẹ́rà ni Elgin Lessley. Hollywood ni wọ́n ti ṣe é, nínú ọgbà sinimá tí Charlie Chaplin ti lò ṣáájú wọn, ìyẹn ló fa á tí àwọn kan fi máa ń ka fíìmù yìí mọ́ ti Chaplin. Chaplin kò lọ́wọ́ nínú rẹ̀.

Keaton fúnra rẹ̀ ni ọkọ. Sybil Seely ni ìyàwó. Joe Roberts, ọkùnrin fìrìgbọ̀n, ni ẹni tó ru piano wá.

Ìlú Piqua ní ìpínlẹ̀ Kansas ni wọ́n ti bí Keaton, ní ọjọ́ kẹrin oṣù Kẹwàá 1895. Láti kékeré ló ti ń bá bàbá àti ìyá rẹ̀ ṣeré orí ìtàgé, bàbá rẹ̀ a sì máa gbé e jù káàkiri ojú àwọn òǹwòran. Níbẹ̀ ló ti kọ́ bí èèyàn ṣe ń ṣubú kí egungun má fọ́. Ní 1917 ló wọ iṣẹ́ fíìmù lábẹ́ aláwàdà Roscoe Arbuckle. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà ló ní ọgbà tirẹ̀.

Ṣé òun ni Keaton kọ́kọ́ ṣe lẹ́yìn tó dá dúró?

Òun ló kọ́kọ́ jáde. Èyí tó ṣe ṣáájú rẹ̀, The High Sign, kò tẹ́ ẹ lọ́rùn, ó sì gbé e pamọ́ títí di 1921. Láàárín 1920 sí 1923 ó ṣe fíìmù kékeré mọ́kàndínlógún. One Week ló ṣí ọ̀nà fún gbogbo wọn, ó sì wà lára èyí tó dára jù nínú wọn.

Ṣé lóòótọ́ ni wọ́n ń ta ilé nínú àpótí láyé ìgbà yẹn?

Bẹ́ẹ̀ ni o, ọjà tó tà gan-an sì ni ní Amẹ́ríkà. Iléeṣẹ́ Aladdin ní Bay City, ìpínlẹ̀ Michigan, ti bẹ̀rẹ̀ láti 1906. Sears, Roebuck náà bẹ̀rẹ̀ ní 1908, wọ́n sì tà á títí di 1940. Oníbàárà á yan ilé nínú ìwé àwòrán ọjà, á fi owó ránṣẹ́, ọkọ̀ ojú irin á sì kó pákó, ìṣó, ọ̀dà, ilẹ̀kùn àti fèrèsé wá bá a ní ibùdó tó sún mọ́ ọn. Wọ́n ti gé pákó náà sí ìwọ̀n rẹ̀, nọ́ńbà tó bá ìwé ìlànà mu sì wà lára rẹ̀. Ẹni tó bá mọ òòlù lò lè kọ́ ọ fúnra rẹ̀.

Nítorí náà, àwọn òǹwòran ọdún 1920 kò nílò àlàyé kankan. Wọ́n mọ irú àpótí bẹ́ẹ̀, wọ́n sì mọ̀ pé nọ́ńbà ni gbogbo iṣẹ́ náà dúró lé. Iléeṣẹ́ mọ́tò Ford pàápàá ti ṣe fíìmù ẹ̀kọ́ kan ní 1919 tí wọ́n pè ní Home Made, láti fi han aráyé bí irú ilé bẹ́ẹ̀ ṣe ń di kíkọ́. Ìgbéyàwó, mọ́tò Ford àti ewé káléńdà tó ń ya lójoojúmọ́ ti wà nínú fíìmù yẹn. Keaton mú gbogbo rẹ̀ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó sì yí i sódì.

Kí ni Hank ṣe sí nọ́ńbà náà gan-an?

Ìbéèrè yìí dára, nítorí pé ojú lásán kì í sábà tètè rí i. Ó sọ 1 di 4, ó sì sọ 3 di 8. Ẹ mú bírò kí ẹ gbìyànjú rẹ̀: ìlà kúkurú méjì péré ló kù kí 1 fi di 4, ẹ pa ẹnu 3 dé lápá òsì, ó di 8 nìyẹn. Kò pa nọ́ńbà kankan rẹ́, kò ya àpótí kankan. Ìdí nìyí tí ọkọ kò fi fura. Ìwé ìlànà tó mú dání tọ́, iṣẹ́ rẹ̀ sì bá ìwé mu ní gbogbo ọ̀nà. Àpótí ló ń parọ́ fún un.

Ẹ rántí ọ̀rọ̀ nọ́ńbà yìí, nítorí ó tún padà wá lópin. Wọ́n kọ́ ilé parí tán ni ọkùnrin kan wá sọ fún wọn pé ilẹ̀ onílẹ̀ ni wọ́n kọ́ ọ lé. Nọ́ńbà tí wọ́n rí lórí ilẹ̀ náà jẹ́ 99. Ẹ dojú rẹ̀ bolẹ̀, ó di 66. Òdìkejì ojú irin ni ilẹ̀ tiwọn wà.

Báwo ni ilé náà ṣe rí nígbà tí wọ́n kọ́ ọ tán?

Ó wọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan. Ohun èlò ilé ìdáná wà lára ògiri níta. Ilẹ̀kùn kan wà ní òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tó ṣí sí òfuurufú. Ògiri kan ń yí lórí ara rẹ̀, tó fi jẹ́ pé ẹni tó wà nínú ilé lè di ará ìta láì gbé ẹsẹ̀. Fèrèsé kò bá ara wọn dọ́gba, orúlé kò bo ibi tó yẹ kó bò. Ẹ̀wẹ̀, ẹ má rò pé wọ́n kàn da pákó papọ̀. Ilé gidi tó lè gba èèyàn dúró ni wọ́n kọ́, wọ́n sì ṣètò ibi tí nǹkan kọ̀ọ̀kan ti máa bàjẹ́.

Èwo nínú àwọn ẹ̀fẹ̀ rẹ̀ ló yẹ ká fojú sí?

Ilẹ̀kùn òkè yẹn la ó kọ́kọ́ mú. Keaton jẹ́ ká rí i pé kò sí àtẹ̀gùn lẹ́yìn rẹ̀ kí ẹnikẹ́ni tó gbà á kọjá. Àwa tó ń wò ó ti mọ̀. Ìgbà tí ọkọ bá wá ń lọ sídìí rẹ̀ pẹ̀lú ìfọ̀kànbalẹ̀, ẹ̀rín ti ń gbọ́n jáde lẹ́nu wa kó tó ṣubú. Àwàdà tó fi òjijì ṣubú máa ń pa èèyàn lẹ́rìn-ín lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Èyí tí a ti ń retí bá a ṣe ń wò ó lọ, ẹ̀ẹ̀mejì ló ń pa wá lẹ́rìn-ín. Ìṣubú náà kì í ṣe ẹ̀tàn: Keaton fúnra rẹ̀ ló jábọ́ láti òkè, ó ṣèṣe níbẹ̀, apá rẹ̀ sì wú.

Kápẹ́ẹ̀tì ńkọ́? Ó tẹ́ ẹ, ó kàn án mọ́lẹ̀ yíká, ó wá rí i pé kóòtù òun ti há sábẹ́ rẹ̀. Kò tú ìṣó kankan. Ó dá ojú kápẹ́ẹ̀tì lu, ó yọ kóòtù, ó sì wá nǹkan bo ihò náà. Ẹnikẹ́ni tó ti sá fún wàhálà kékeré títí tó fi di ńlá mọ ohun tí fíìmù yìí ń wí.

Piano ni wọ́n fi ọgbọ́n tò jù. Roberts ru ú wá léjìká bí ẹni pé apẹ̀rẹ̀ lásán ni. Ó gbé e fún Buster, piano sì tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. Buster wá so okùn mọ́ ọn, ó gba okùn náà lórí iná àjà kó lè fà á wọlé. Piano wúwo, àjà ilé náà kò lágbára, nítorí náà àjà ló ń tẹ̀ wá sílẹ̀. Lókè, ibi tí ọkùnrin kan wà ń jìn bí ihò. Nígbà tí okùn tú, àjà padà sípò rẹ̀ lójijì, ó sì ta ọkùnrin náà sókè tó fi jẹ́ pé orí rẹ̀ yọ lójú orúlé. Ẹ kíyè sí i pé kò sí ohun kan níbẹ̀ tí kò ní ìdí. Ìwúwo, okùn, àjà rírọ̀, ẹni tó wà lókè: ọ̀kan ló fa èkejì, kámẹ́rà sì jẹ́ ká rí gbogbo rẹ̀.

Ẹ má gbàgbé ìbẹ̀rẹ̀ náà pẹ̀lú, níbi tí ọkọ àti ìyàwó ti ń bọ́ láti inú mọ́tò kan sí òmíràn lójú ìrìn. Buster fẹsẹ̀ kan síbí, ó fẹsẹ̀ kan sọ́hùn-ún, alùpùpù kan sì gba àárín mọ́tò méjèèjì kọjá, ó gbé e lọ.

Ṣé inú fíìmù yìí ni ògiri ti wó lu Keaton tí fèrèsé sì yọ ọ́?

Ògiri kan wó níbí náà, fèrèsé sì gbà á là. Ṣùgbọ́n èyí tó lókìkí jù, tí wọ́n máa ń fi hàn káàkiri, inú Steamboat Bill, Jr. ti ọdún 1928 ló ti wá. Ògiri ti 1928 tóbi, ó sì léwu ju ti 1920 lọ púpọ̀. Ọgbọ́n kan náà ni: kí ẹsẹ̀ òṣèré má yẹ̀ kúrò lójú àmì, kí ihò fèrèsé sì bọ́ sí orí àmì náà.

Báwo ni wọ́n ṣe mú kí ilé náà yí nígbà ìjì?

Ọjọ́ Ẹtì tó bọ́ sí ọjọ́ kẹtàlá ni àlejò wá bá wọn ṣí ilé. (Àwọn òyìnbó ka irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀ sí ọjọ́ burúkú.) Òjò dé, ìjì dé, ilé náà bẹ̀rẹ̀ sí í yí bí òkòtó. Orí pèpéle tí ń yí ni wọ́n kọ́ ilé náà lé, ẹ̀rọ ló sì ń yí i. Kámẹ́rà dúró sójú kan níta, ilé ló ń lọ. Ẹ wo bí Keaton ṣe ń gbìyànjú láti bẹ́ gba ẹnu ọ̀nà wọlé: ẹnu ọ̀nà ń kọjá, ó sáré, ó pẹ́ díẹ̀, ògiri gbá a dànù, ó tún dìde. Ìṣirò ni, èèyàn kan tó ń wọn àkókò sáré tirẹ̀ mọ́ àkókò yíyí ilé. Nínú ilé, àwọn àlejò ń ṣubú lura wọn títí ìjì fi da wọ́n síta lọ́kọ̀ọ̀kan.

Kí ló ṣẹlẹ̀ pẹ̀lú ọkọ̀ ojú irin? Ṣé òtítọ́ ni àbí ère?

Wọ́n ní láti gbé ilé lọ sí ilẹ̀ tiwọn, torí náà wọ́n fi àgbá ṣe ẹsẹ̀ rẹ̀, wọ́n sì fi mọ́tò fà á. Okùn kò gbà. Buster wá fi ìṣó kan ara mọ́tò mọ́ ilé. Ó gun mọ́tò, ó ṣí i: ẹ́ńjìnnì àti táyà lọ, àga àti ara mọ́tò kù sára ilé. Níkẹyìn ilé há sí àárín ojú irin, ọkọ̀ sì ń bọ̀. Wọ́n tì í, kò lọ. Wọ́n bojú.

Ọkọ̀ náà gba ojú irin kejì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ kọjá. Wọ́n mí kanlẹ̀. Ìgbà náà gan-an ni ọkọ̀ mìíràn ti òdìkejì já wọlé, tó fọ́ ilé náà yángá.

Ilé gidi ni, ọkọ̀ ojú irin gidi ni. Wọn kò fi ère kékeré ṣe é. Ọgbọ́n tó gbé ibẹ̀ dúró ni bí wọ́n ṣe gbé kámẹ́rà sí i: láti ibi tí a ti ń wò ó, a kò lè mọ̀ pé ojú irin méjì ló wà níbẹ̀, àyàfi nígbà tí ọkọ̀ àkọ́kọ́ bá kọjá. Bí kámẹ́rà bá yẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ díẹ̀, àṣírí ti tú.

Buster fi pátákó pé a ń ta ilé náà síbẹ̀, ó rántí ìwé ìlànà, ó fi í mọ́ ọn fún ẹni tó bá rà á, ó sì di ọwọ́ ìyàwó rẹ̀ mú, wọ́n lọ.

Ṣé ìjà ọkọ àti ìyàwó ni fíìmù náà dá lé?

Rárá, ibi tí ó ti ta yọ gan-an sì nìyẹn. Nínú ọ̀pọ̀ àwàdà ìgbà náà, ìyàwó ni ọ̀tá: òun ló ń gbá ọkọ ní àwo, òun ló ń ṣọ́ owó rẹ̀, ìyá rẹ̀ ló ń dá ilé rú. Ọ̀rọ̀ tó ṣí One Week náà dún bí ẹni pé ìgbéyàwó ni yóò fi ṣẹ̀fẹ̀. Ẹ wá wo ohun tó tẹ̀ lé e. Seely ń ya ọkàn ìfẹ́ sára ògiri. Ó ń bá ọkọ rẹ̀ ru ẹrù, ó ń bá a ti ilé. Nígbà tí nǹkan bàjẹ́ kò sọ pé ìwọ lo fà á. Wọ́n máa ń fi ẹnu ko ara wọn lẹ́nu láàárín wàhálà. Ilé ni ọ̀tá, ìlara Hank ni ọ̀tá, àwọn méjèèjì wà ní ẹ̀gbẹ́ kan náà.

Ìdí nìyí tí ilé fi lè fọ́ túútúú tí a kò fi káàánú wọn púpọ̀. Bí Keaton bá ti fi ìyàwó oníjà sínú ìtàn yìí, ìparí yẹn ì bá korò. Ẹni tó bá fẹ́ kọ àwàdà ilé ọkọ lónìí, apá yìí ni kó tún wò lẹ́ẹ̀mejì ju ibi ìjì lọ.

Ṣé ọmọdé lè wò ó? A gbọ́ pé obìnrin wẹ̀ nínú rẹ̀.

Ọmọdé lè wò ó. Seely wà nínú ọpọ́n ìwẹ̀, ọṣẹ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ sílẹ̀. Kó tó nà jáde láti mú un, ó wo ojú kámẹ́rà, ọwọ́ kan sì jáde wá bo ojú kámẹ́rà náà títí ó fi padà jókòó. Kò sí ìhòòhò tí a rí.

Kí ló dé tí ẹ̀dà kan fi ń sáré ju èkejì lọ?

Ọwọ́ ni wọ́n fi ń yí kámẹ́rà nígbà náà, ìyára rẹ̀ kò sì dúró sójú kan. Ẹ jẹ́ ká ṣe ìṣirò. Fíìmù oníwọ̀n mílímítà 35 ní àwòrán 16 nínú ẹsẹ̀ bàtà kan. Róòlù kan tó kún jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 1,000, ìyẹn àwòrán 16,000. Bí ẹ̀rọ bá fi àwòrán 16 hàn ní ìṣẹ́jú àáyá kan, róòlù náà yóò gba ìṣẹ́jú 16 àti ìṣẹ́jú àáyá 40. Bí ó bá fi 24 hàn, bíi ti fíìmù olóhùn, ìṣẹ́jú 11 àti díẹ̀ ni yóò gbà. Róòlù méjì ni One Week. Ìdí nìyẹn tí ẹ ó fi rí ẹ̀dà oníṣẹ́jú 19 àti èyí tó tó 25, láìsí pé wọ́n gé ohunkóhun kúrò.

Kì í ṣe gbogbo ìyára ni àṣìṣe o. Àwọn oníṣẹ́ fúnra wọn a máa mọ̀ọ́mọ̀ yí kámẹ́rà díẹ̀díẹ̀ kí ìrìn lè yá nígbà tí wọ́n bá fi hàn. Ẹ fi ìrìn lásán dán ẹ̀dà yín wò: wo ibi tí wọ́n ti ń jáde ní ṣọ́ọ̀ṣì. Bí gbogbo wọn bá ń ta kìjí bí ẹyẹ, ẹ dín ìyára kù. Nínú VLC, ètò tí a fi ń wo fíìmù lórí kọ̀ǹpútà, ẹ tẹ [ lẹ́ẹ̀kan tàbí lẹ́ẹ̀mejì, ìtẹ̀ kọ̀ọ̀kan ń dín ìdá kan nínú mẹ́wàá kù. Ẹ tẹ = láti dá a padà sí bó ṣe wà. Orin yóò fà bí ẹ bá ṣe bẹ́ẹ̀, torí náà ẹ pa ohùn rẹ̀ kí ẹ fi orin mìíràn sí i.

Irú ẹ̀dà wo ni ká wá?

Èyí tí ojú pákó àti ojú èèyàn ti hàn kedere, tí etí àwòrán kò gé. Ẹ wo nọ́ńbà ara àpótí nígbà tí Hank ń kùn ún. Bí ẹ kò bá lè kà á, ẹ̀dà náà kò dáa tó, torí ẹ ti pàdánù gbòǹgbò ìtàn. Ẹ yẹra fún èyí tí wọ́n nà gbọọrọ kó lè kún ojú tẹlifíṣọ̀n òde òní. Àwòrán ìgbà náà fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba níbùú àti lóròó, àlàfo dúdú sì gbọ́dọ̀ wà lápá ọ̀tún àti òsì. Láti 2015 ni Cineteca di Bologna, ibi tí wọ́n ti ń tọ́jú fíìmù àtijọ́ ní ìlú Ítálì, ti ń tún àwọn fíìmù Keaton ṣe, iṣẹ́ wọn sì mọ́ dáadáa.

Ní 2008 ni Amẹ́ríkà fi One Week sínú National Film Registry, àkójọ àwọn fíìmù tí wọ́n fẹ́ dáàbò bò títí láé.

A fẹ́ fi í han àwùjọ. Kí ló yẹ ká ṣe?

Fíìmù ọdún 1920 fúnra rẹ̀ kò ní olówó mọ́ lábẹ́ òfin Amẹ́ríkà. Orin tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fi sí i lè ní olówó. Ó sàn kí ẹ wá ẹni tó lè fi piano tàbí kíbọ́ọ̀dù bá a rìn. Bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ṣe ń wò ó nígbà tó jáde, nítorí ilé sinimá kì í dákẹ́ rọ́rọ́ rárá. Ẹ sọ fún olórin náà pé kó wo fíìmù yẹn tán nígbà bíi méjì ṣáájú. Àṣìṣe tó ń ba ìparí jẹ́ jù ni kí olórin bẹ̀rẹ̀ sí í lu kíkankíkan kí ọkọ̀ ojú irin kejì tó yọ. Lẹ́yìn tí èkíní bá kọjá, kó lu ohun tó tura, bí ẹni pé ìtàn ti tán.

Ọ̀rọ̀ kíkọ tó ń jáde láàárín àwòrán kò pọ̀. Ẹni kan lè máa kà á sókè ní Yorùbá, kó kà á ní ṣókí, kó sì dákẹ́ kí àwòrán tó padà. Kó má ṣe àlàyé ẹ̀fẹ̀.

Kí ni ká wò tẹ̀ lé e?

Tí ẹ bá fẹ́ràn Seely àti Keaton gẹ́gẹ́ bí tọkọtaya, ẹ wo The Boat (1921): wọ́n ti bí ọmọkùnrin méjì, ọkọ̀ ojú omi tí bàbá kàn fúnra rẹ̀ ló sì gba ipò ilé. My Wife's Relations (1922) ni òdìkejì rẹ̀, àwọn àna níbẹ̀ le koko. Ẹni tó bá fẹ́ kúrò lọ́dọ̀ Keaton, kó wá Mighty Like a Moose (1926) ti Charley Chase, tí Leo McCarey darí. Eyín ọkọ yọ síta, imú ìyàwó tóbi. Kálukú wọn lọ ṣe iṣẹ́ abẹ ní ìkọ̀kọ̀, wọ́n pàdé níta, wọn kò dá ara wọn mọ̀, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ́ra wọn bí àjèjì.